Ẹ Yé Pe Ọmọ Yìí Ní Odi: Ọwọ́ Tiwa Ló Yadi

Ẹ̀yin ará wa, ẹ̀yin ọmọ Oòduà tó wà káàkiri Abuja, láti Nyanya dé Kubwa, láti Lugbe dé Gwagwalada, ọ̀rọ̀ tá a gbé wá lónìí kò dùn-ún gbọ́. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀ kà á tán kẹ́ ẹ tó bínú sí wa.

Gbogbo ìpàdé tá a bá ṣe, ohun kan náà là ń tẹnu mọ́: àwọn ọmọ wa ò gbọ́ Yorùbá mọ́. Òyìnbó ni wọ́n ń sọ nílé, Hausa ni wọ́n ń sọ ládùúgbò, tí màmá àgbà bá pè lórí fóònù, ọmọ á kàn máa wò bọ̀ọ̀. A ti dáwó lé e lórí, a ti wá olùkọ́, a ti ra ìwé Aláwíyé. Ó dáa bẹ́ẹ̀. Àmọ́ ọmọ kan wà láàárín wa tí kò gbọ́ Yorùbá, tí kò gbọ́ Òyìnbó, tí kò gbọ́ Hausa, tí kò sì ní èdè kankan lórí ilẹ̀ ayé. Ó wà nílé lágbájá, ó wà nílé tàmẹ̀dù. Kò sẹ́ni tó pe ìpàdé lórí tiẹ̀. “Odi ni,” la wí, ó parí.

Àwa ò gbà bẹ́ẹ̀ mọ́. Ohun tá a fẹ́ sọ rèé: kì í ṣe etí tó di ló ń sọ ọmọ adití di ẹni tí kò mọ nǹkan kan. Èdè tí kò rí kọ́ lásìkò ló ń fà á. Àwa tá a gbọ́ràn la sì fi èdè dù ú.

Kẹ́ ẹ má bàa sọ pé ẹlòmíì là ń bá wí, ilé tiwa la ó ti bẹ̀rẹ̀. Àwa méjèèjì, tọkọtìyàwó, aṣọ là ń tà ní ọjà Wuse. Ọmọ wa kẹta, obìnrin, kò tíì pé ọdún kan tí àrùn yínrùnyínrùn fi kì í mọ́lẹ̀ nígbà ọyẹ́. Ọlọ́run yọ ọ́, a dúpẹ́, a ṣe sàráà. Nígbà tó yá, a rí i pé tí ìlẹ̀kùn bá gbá lẹ́yìn rẹ̀, kì í yíjú. Tí ìyá rẹ̀ bá ń pè é láti ilé ìdáná, kì í dáhùn, àfi tó bá rí wa ló máa rẹ́rìn-ín. A ní ó máa yá, ṣebí àwọn kan máa ń pẹ́ sọ̀rọ̀. Ọdún méjì gbáko la fi ń lọ sórí òkè, sílé àdúrà, sọ́dọ̀ alágbo. Ẹnì kan ní ká kán epo gbígbóná sí i létí, a kán an. Ọlọ́run dárí jì wá.

Nígbà tó pé ọmọ ọdún mẹ́ta, ìtìjú ti ń mú wa. Tí àlejò bá dé, a ó ní kó wọ yàrá lọ. La bá gbé e lọ fún ìyá àgbà nílé, lọ́nà Ìkìrun, a ní afẹ́fẹ́ ilé á ṣe é lóore. Ọdún mẹ́rin ló lò níbẹ̀. Màmá tọ́jú rẹ̀ dáadáa o. Ó ń jẹ, ó ń mu, ó mọ ilẹ̀ gbá, ó mọ omi pọn. Àmọ́ gbogbo ohun tí wọ́n jọ ń bára wọn sọ, a lè fi ìka ọwọ́ àti ti ẹsẹ̀ kà á tán: wá jẹun, lọ sùn, jókòó, má fọwọ́ kàn án, màá nà ọ́.

Ikú màmá ló jẹ́ ká mú un padà wá. Kò sẹ́ni tó lè ṣàlàyé fún un pé ohun tó ń jẹ́ ikú rèé. Ó pẹ́ tó fi ń jókòó sẹ́nu ọ̀nà nírọ̀lẹ́, tó ń retí ìyá àgbà. Ẹ gbọ́ o, ẹ̀yin èèyàn wa: ọmọ ọdún méje, kò mọ̀ pé òun ní orúkọ. Orúkọ mẹ́fà la sọ ọ́ lọ́jọ́ ìkómọ, bàbá sọ, ìyá sọ, ẹbí sọ. Kò mọ ìkankan. Kò tiẹ̀ mọ̀ pé èèyàn máa ń ní orúkọ.

Ilé ìwé àwọn adití tí ìjọba FCT dá sílẹ̀ ní Kuje la mú un lọ. Nígbà tá a kọ́kọ́ lọ bẹ̀ ẹ́ wò, ó sáré wá, ó fa ọwọ́ ìyá rẹ̀, ó fi ìka kan ẹ̀rẹ̀kẹ́ ara rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ó wá nàka sí àyà ara rẹ̀. A ò mọ ohun tó ń wí. Tíṣà ló là á yé wa: orúkọ rẹ̀ ni. Àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ló sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, torí ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ máa ń jìn kòtò tó bá rẹ́rìn-ín. Ẹkún ni ìyá rẹ̀ sun délé.

Kí ló ṣẹlẹ̀? Ṣé etí rẹ̀ là ni? Rárá o. Etí rẹ̀ ṣì di bó ṣe di. Èdè ló rí.

Ẹ jẹ́ ká wò ó dáadáa. Ọmọ tó ń gbọ́ràn kì í bẹ̀rẹ̀ èdè lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ pe “bàbá”. Látinú oyún ló ti ń gbọ́ ohùn ìyá rẹ̀. Nígbà tá a bí i tán, odindi ọdún kan là ń kì í, tá à ń rẹ̀ ẹ́, tá à ń kọrin fún un, tá à ń bá a wí, gbogbo rẹ̀ ló sì ń wọlé sí i lára kó tó la ẹnu. Ọmọ adití wà lórí ẹsẹ̀ kan náà, ó ń wo ẹnu wa tó ń ṣí tó ń pa dé, kò sí nǹkan tó ń wọlé. Bẹ́ẹ̀ ọpọlọ tó ń wá èdè wà lórí tiẹ̀ náà, kò sóhun tó ṣe é. Ọpọlọ yẹn ò sì bìkítà bóyá etí ni èdè gbà wọlé tàbí ojú.

Kì í ṣe àwa la sọ bẹ́ẹ̀. Lọ́dún 1991, Laura-Ann Petitto àti Paula Marentette tẹ ìwádìí kan jáde ní Kánádà. Wọ́n wo àwọn ọmọ ìkókó adití tí òbí wọn náà jẹ́ adití. Wọ́n rí i pé bí ọmọ tó ń gbọ́ràn ṣe ń fẹnu ṣe “ba-ba-ba” kó tó mọ ọ̀rọ̀ sọ, bẹ́ẹ̀ gan-an ni àwọn ọmọ yìí ń fi ọwọ́ ṣe é, ní ọjọ́ orí kan náà. Ọmọ ń fọwọ́ wá ọ̀rọ̀! Ṣùgbọ́n tí kò bá sẹ́ni tó ń fọwọ́ dá a lóhùn, á dákẹ́.

Ẹ tún gbọ́ ti ìlú Managua ní orílẹ̀-èdè Nicaragua. Kó tó di ọdún 1977, àwọn adití ibẹ̀ wà kálukú nínú ilé òbí rẹ̀, bíi ti ọmọ wa nílé ìyá àgbà. Nígbà tí wọ́n kó wọn jọ sílé ìwé, àwọn tíṣà ò kọ́ wọn ní èdè ọwọ́, ẹnu ni wọ́n ní kí wọ́n máa wò. Àwọn ọmọ náà bá bẹ̀rẹ̀ sí í dá èdè sílẹ̀ fúnra wọn, nínú bọ́ọ̀sì àti níbi tí wọ́n ti ń ṣeré. Àwọn tó kéré jù, tó dé lẹ́yìn, ló wá sọ ọ́ di èdè tó péye, tó ní òfin tiẹ̀. Àwọn onímọ̀ èdè rìn láti òkèèrè wá kọ́ ọ. Ṣé àwọn yẹn ni odi? Ọmọ tó lè dá èdè sílẹ̀ kò yadi. Ẹnì kejì tí wọ́n jọ máa sọ ọ́ ni kò ní.

Ẹ wá wò ó, àwọn àgbà wa ní kékeré la ti ń pẹ̀ka ìrókò, tó bá dàgbà tán, apá ò ní ká a mọ́. Bí èdè ṣe rí nìyẹn. Ọdún márùn-ún àkọ́kọ́ ló ṣe kókó jù. Ní ìpínlẹ̀ Colorado ní Amẹ́ríkà, Christine Yoshinaga-Itano àtàwọn tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́ tẹ̀ ẹ́ jáde lọ́dún 1998 pé àwọn ọmọ tí wọ́n rí i pé etí wọn di kí wọ́n tó pé oṣù mẹ́fà, tí wọ́n sì tètè bẹ̀rẹ̀ sí í ràn lọ́wọ́, mọ èdè ju àwọn tí wọ́n rí lẹ́yìn ìgbà yẹn lọ. Oṣù mẹ́fà! Àwa lo ọdún méje. Títí di òní, ọmọ wa ń tiraka lórí àwọn nǹkan kan tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ tó rí èdè láti kékeré ń ṣe wẹ́rẹ́: kó sọ ìtàn láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, kó ṣírò wákàtí, kó kàwé kó sì mọ ohun tó kà. Àwọn kan á ní adití ni, ìdí nìyẹn. Irọ́ ni. Ọdún méje tá a jẹ mọ́ ọn lọ́wọ́ nìyẹn.

Àwa Yorùbá ló yẹ kí ọ̀rọ̀ yìí tètè yé ju ẹnikẹ́ni lọ. Ṣé ẹ rántí iṣẹ́ tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Babs Fáfúnwá ṣe ní Ifẹ̀ láti ọdún 1970? Wọ́n fi Yorùbá kọ́ àwọn ọmọ ní gbogbo iṣẹ́ fún ọdún mẹ́fà ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, Òyìnbó wá jẹ́ iṣẹ́ kan lára wọn. Nígbà tí wọ́n dán wọn wò, àwọn ọmọ tó fi Yorùbá kẹ́kọ̀ọ́ ò fàsẹ́yìn, wọ́n tún ṣe dáadáa ju àwọn tí wọ́n fi Òyìnbó kọ́, títí kan iṣẹ́ Òyìnbó fúnra rẹ̀. Gbogbo wa là ń fi ìyẹn yangàn. Èdè tó yé ọmọ la fi ń gbé èdè kejì lé e lórí. Èdè tó lè yé ọmọ adití dáadáa láti kékeré, ọwọ́ ló wà. Kí ló dé tá a fẹ́ kó kọ́ A, B, D, tó jẹ́ àmì ìró tí kò gbọ́ rí, láìkọ́kọ́ fún un ní ìpìlẹ̀?

Ẹ jẹ́ ká sọ̀rọ̀ ojú wọn náà. Kì í ṣe pé ojú adití mú ju tiwa lọ tó bá kan kíka nǹkan tó jìnnà. Àmọ́ àwọn onímọ̀ ọpọlọ bíi Helen Neville àti Daphne Bavelier ti fi hàn pé adití tó ti ń fojú gbé láti kékeré máa ń tètè kíyè sí ohun tó ń lọ ní ẹ̀gbẹ́, níbi tí àwa ò wò. Àwa tí rí i ní ṣọ́ọ̀bù. Ọmọ wa jókòó, ó ń ka léèsì, oníbàárà kan ń na ọwọ́ sábẹ́ ṣíìfọ́ọ̀nù lápá òsì rẹ̀. Àwa tá a gbọ́ràn là ń dúnàá dúrà lọ ní tiwa. Òun ló fò dìde. Ọmọ tó ń ríran báyìí, tẹ́ ẹ bá fi sẹ́yìn kíláàsì, tí tíṣà kọjú sí bọ́ọ̀dù tó ń sọ̀rọ̀, ó ti pa á lẹ́kọ̀ọ́ nìyẹn. Kó jókòó síwájú, kí ìmọ́lẹ̀ wà lójú ẹni tó ń bá a sọ̀rọ̀, kí wọ́n fọwọ́ kàn án léjìká kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. Ṣé ìyẹn náà ń wá owó ìjọba?

A mọ ohun tí ẹ máa sọ. Àwa náà ti sọ ọ́ rí.

Ẹ máa ní tó bá ń fọwọ́ sọ̀rọ̀, kò ní lè fẹnu sọ̀rọ̀ mọ́. Ibi tí irọ́ yìí ti lágbára jù ni ìpàdé tí àwọn olùkọ́ adití ṣe ní Milan lọ́dún 1880, tí wọ́n ní kí wọ́n lé èdè ọwọ́ kúrò nílé ìwé. Àwọn tó dìbò yẹn, gbígbọ́ràn ni èyí tó pọ̀ jù nínú wọn. Ó tó 130 ọdún kí irú ìpàdé kan náà tó jókòó ní Vancouver lọ́dún 2010, kí wọ́n tó kọ ìpinnu yẹn sílẹ̀. Ọmọ Abuja ń sọ Yorùbá, Hausa àti Òyìnbó, èyí ò pa ìyẹn lára. Kí ló dé tó jẹ́ ti ọwọ́ nìkan ló máa ṣe jàǹbá?

Ẹ máa ní àwọn dókítà ní ẹ̀rọ tí wọ́n ń fi sétí, pé iṣẹ́ abẹ tún wà. Ó wà, ó sì ń ran àwọn kan lọ́wọ́. Tẹ́ ẹ bá lágbára rẹ̀, ẹ ṣe é. Àmọ́ ẹ má fi ọmọ sílẹ̀ láìní èdè nígbà tẹ́ ẹ bá ń kówó jọ. Ọdún tẹ́ ẹ fi ń kó o jọ, ọpọlọ ọmọ ò dúró dè yín.

Ẹ máa ní àdúrà. A ò ní kẹ́ ẹ má gbàdúrà. Ṣùgbọ́n ọmọ náà ńkọ́, èdè wo ló máa fi bá Ọlọ́run sọ̀rọ̀?

Ẹ máa ní èdè òkèèrè ni, kì í ṣe àṣà wa. Òótọ́ ni pé èyí táwọn adití Nàìjíríà ń lò wá láti Amẹ́ríkà. Andrew Foster ló gbé e wá, aláwọ̀ dúdú bíi tiwa, tí yínrùnyínrùn sọ di adití ní ọmọ ọdún 11. Kò sẹ́ni tó fi í pamọ́ sí yàrá. Òun ni aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gboyè ní Gallaudet, yunifásítì àwọn adití, lọ́dún 1954. Lọ́dún 1957 ó dá ilé ìwé sílẹ̀ ní Accra, ní 1960 ó dé Ìbàdàn. Ilé ìwé tó dá sílẹ̀ ní Áfíríkà lé ní 30 kí ọkọ̀ òfuurufú tó já pẹ̀lú rẹ̀ ní Rwanda lọ́dún 1987. Yínrùnyínrùn kan náà ló bá ọmọ tiwa jà. Ṣùgbọ́n Foster ti ní èdè kó tó kọ lù ú, ó sì rí òmíràn lẹ́yìn rẹ̀.

Ẹ tún má sọ pé ọwọ́ kì í sọ̀rọ̀ nílẹ̀ wa. Gángan ò lẹ́nu, ó ń sọ Yorùbá. Tá a bá wà lóde ìnáwó tí ọmọ fẹ́ mú ẹran kejì, ṣé ẹnu nìyá rẹ̀ fi ń kìlọ̀ fún un? Tá a bá gbọ́ aburú, ìka là ń ta yí orí ká. Ojú lọ̀rọ̀ wà, àwa la sọ bẹ́ẹ̀. Àwọn Hausa tá à ń bá gbé pàápàá, àwọn adití wọn ní Kano ní èdè ọwọ́ tiwọn, maganar hannu ni wọ́n ń pè é.

Òfin ńkọ́? Òfin wà. Oṣù Kìíní ọdún 2019 ni Ààrẹ Buhari fọwọ́ sí òfin tó ní kẹ́nikẹ́ni má ṣe fi ìpèníjà ara rẹ́ ọmọnìkejì jẹ. Ó ní ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ni fún wọn títí dé ilé ìwé girama, ó sì ní kí èdè àwọn adití wà lára ohun tí wọ́n ń kọ́ nílé ìwé. Ẹ jẹ́ ká máa bi ìjọba léèrè rẹ̀. Ṣùgbọ́n kò sófin tó lè wá jókòó tì wá nídìí oúnjẹ alẹ́. Nínú àwọn ọmọ adití, bí wọ́n ṣe kà á ní Amẹ́ríkà, ó lé ní mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá tó jẹ́ pé òbí tó ń gbọ́ràn ló bí wọn. Ìyẹn ni pé ọ̀dọ̀ wa ló kù sí.

Kí àwọn tó ṣì ń bímọ fetí sí èyí náà: Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé nǹkan bí 60 nínú ọgọ́rùn-ún àìgbọ́ràn àwọn ọmọdé ló ṣeé dènà. Ẹ gba abẹ́rẹ́ àjẹsára èéyi àti yínrùnyínrùn. Tí ojú ọmọ ìkókó bá pọ́n, ẹ má sá a sóòrùn lásán, ilé ìwòsàn ni kẹ́ ẹ gbé e lọ. Ẹ má ra abẹ́rẹ́ jẹntamísìn fúnra yín ní kẹ́míìsì, ó ń ba etí jẹ́. Tí etí bá ń ṣọyún, ẹ má kán epo sí i.

Lálẹ́ ọjọ́ kan láìpẹ́ yìí, ọmọ wa, tó ti di ọmọ ọdún 16 báyìí, bi wá ní ìbéèrè kan. Ọwọ́ rẹ̀ yá jù, a ò gbọ́. Àbúrò rẹ̀, tó ti kọ́ èdè náà lẹ́nu eré, ló ṣe ògbufọ̀: “Ó ní kí ló dé tẹ́ ẹ fi gbé òun lọ sọ́dọ̀ màmá, tẹ́ ẹ fi àwa tó kù síbí?” Ìdáhùn wà lọ́kàn wa. Ọwọ́ wa ò lè sọ ọ́. Inú ilé wa lálẹ́ ọjọ́ yẹn, ta ni odi?

Nítorí náà, ohun tá à ń bèèrè lọ́wọ́ ẹgbẹ́ wa rèé. Àkọ́kọ́, kẹ́nikẹ́ni má pe ọmọ ní odi mọ́ níbi ìpàdé wa. Ìkejì, owó tá a fi ń gba tíṣà Yorùbá, ká yọ díẹ̀ nínú rẹ̀, ká fi gba adití tó mọ iṣẹ́ olùkọ́, kó máa kọ́ bàbá, ìyá, ẹ̀gbọ́n àti àbúrò ní èdè ọwọ́ lọ́sẹ̀ méjì méjì. Kò dìgbà tá a bá mọ̀ ọ́n tán ká tó lò ó nílé. Ìkẹta, ẹni tó bá ti gbé irú ọmọ bẹ́ẹ̀ lọ sílé, kó lọ mú un wá kó tó pé ọdún márùn-ún. Tó bá ti kọjá bẹ́ẹ̀, kó ṣì lọ mú un wá. Ìkẹrin, níbi àpéjọ ńlá wa, kí ògbufọ̀ wà níwájú, bí alága ìjókòó ṣe wà.

Tí ẹgbẹ́ bá ní kò sí àyè, pálọ̀ wa ní Nyanya ṣí sílẹ̀. Ìjókòó wà, omi tútù wà. Ọmọ tá ò kọ́ ni yóò gbé ilé tá a kọ́ tà, a máa ń sọ ọ́ fún ọmọ tó ń gbọ́ràn. Ọmọ yìí náà ọmọ wa ni.

Ẹni tó bá fẹ́ bá wa jà lórí ọ̀rọ̀ yìí, kó kọ́kọ́ sọ fún wa bó ṣe ń fọwọ́ pe orúkọ ọmọ rẹ̀.

Ire kàbìtì o.